Búlọ́ọ̀kù Tó Wà Lókè Pátápátá

Nígbà tí Ọláyíwọlá gbọ́ pé Fàsásì kò sùn sílé fún ọjọ́ mẹ́ta, ó mọ̀ pé iṣẹ́ ọwọ́ òun ló fà á. Ayàwòrán tí ń kọ pátákó ni Ọláyíwọlá, ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ wà ní Bẹẹrẹ, ẹ̀fẹ̀ kì í sì í tán lẹ́nu rẹ̀. Àmọ́ ẹnu kọ́ ló kó bá a lọ́tẹ̀ yìí, búrọ́ọ̀ṣì ni.

Lọ́dún 1987 yẹn, ọ́fíìsì ìjọba kan ní Agodi ní kó ya iye àwọn ọ̀dọ́ tí igbó àti oògùn olóró gbé dé ọsibítù sára pátákó ńlá kan nísàlẹ̀ Mápó, kí ẹni tí kò kàwé náà lè fojú rí i. Ó ya òpó mẹ́rin, òpó kan fún ọdún kan. Búlọ́ọ̀kù kan, ẹnì kan. Ti ọdún náà ló ga jù, búlọ́ọ̀kù méjìdínlógójì, pupa fòò. Ì bá mà fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀! Ó tún ya ọkùnrin kan jókòó sórí òpó náà, ó ń tòògbé, eyín iwájú kan ti yọ, fìlà rẹ̀ wọ́ bo ojú kan. Fàsásì ọmọ Ìyá Kúbúrá ní Bẹyẹrunka ni, kò sẹ́ni tí kò mọ̀ ọ́n. Gbogbo Ọjà'ba rẹ́rìn-ín títí, Ọláyíwọlá náà bá wọn rín in.

Ní àárọ̀ ọjọ́ kẹrin, ó bẹ Bàbá Sàlámì, àgbà àdúgbò, pé kó sin òun lọ bẹ ìyá náà, torí ẹni tó ṣẹ̀ kì í dá lọ bẹ̀bẹ̀. Nígbà tí wọ́n dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, Ọláyíwọlá dọ̀bálẹ̀ gbalaja nínú iyẹ̀pẹ̀.

"Bàbá, ẹ ní kó dìde," ni Ìyá Kúbúrá wí. "Oṣù mẹ́rin lọmọ mi ti jáwọ́ nínú igbó. Ó ń jẹun, ó ń kírun. Ọjọ́ tó rí ara ẹ̀ lórí pátákó yẹn ló jáde." Ó wá kọjú sí Ọláyíwọlá. "Èmi kọ́ lo ṣẹ̀. Bí ẹni tó o ṣẹ̀ bá ti kú ńkọ́? Ta lo fẹ́ bẹ̀?"

Ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀, fífọ́ ní ń fọ́. Ọláyíwọlá gbé agolo ọ̀dà funfun, ó sáré gba Ọjà'ba lọ láti pa àwòrán náà rẹ́. "Jésù, má jẹ́ kí n pa ọmọ ọlọ́mọ," ló ń wí lójú ọ̀nà.

Fàsásì ló bá níwájú pátákó náà. Òkúta wà lọ́wọ́ rẹ̀.

Ọláyíwọlá gbé agolo ọ̀dà náà kalẹ̀. Ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ló fi ju ọmọ náà lọ, àgbà kì í sì í dọ̀bálẹ̀ fọ́mọdé n'Ìbàdàn, áńbọ̀sì lójú ọjà. Ó dọ̀bálẹ̀. Àwọn ọlọ́jà pariwo.

"Fàsásì, mo ṣẹ̀ ọ́. Mo fi ọ́ ṣe yẹ̀yẹ́. Jọ̀ọ́, dárí jì mí." Ó di ojú, ó ń retí òkúta.

Òkúta náà bọ́ sílẹ̀. "Bọ̀dá, ẹ dìde jàre, ẹ má sọ mí di aláìlẹ́kọ̀ọ́. Ṣé mo wà lára méjìdínlógójì yẹn?"

"O wà níbẹ̀."

"Mo ti jáwọ́. Ẹ bá mi yọ ọ̀kan."

Ọláyíwọlá kò béèrè lọ́wọ́ ọ́fíìsì kankan. Ó fi ọ̀dà funfun pa ojú náà rẹ́, ó sì pa búlọ́ọ̀kù tó wà lókè pátápátá rẹ́. Fàsásì fìka ka èyí tó kù, ó kà á dé mẹ́tàdínlógójì.

"Ẹ má tíì da ọ̀dà pupa tẹ́ ẹ fi ya òpó yìí nù, bọ̀dá," ló wí jẹ́ẹ́jẹ́. "Ọjọ́ mẹ́ta tí mi ò sí nílé yìí, ẹnu ọ̀nà àwọn tó ń tagbó ni mo jókòó sí. Mi ò wọlé. Àmọ́ ẹ̀rù ara mi ń bà mí."

Ọláyíwọlá dì í lọ́wọ́ mú. Títí wọ́n fi dé ẹnu ọ̀nà ìyá rẹ̀, kò jọ̀wọ́ ọwọ́ náà.