Fóònù Orí Ìṣó

Ọdún tí ọkọ mi kú ni fóònù alágbèéká ṣẹ̀ṣẹ̀ ń dé ọ̀dọ̀ wa ní Ìlọ́fà. Ó fi ọ̀kan sílẹ̀, àmọ́ ojú fèrèsé pálọ̀ nìkan ni nẹ́tíwọ́ọ̀kì ti ń wọlé. Wọ́n kan ìṣó síbẹ̀, wọ́n fi okùn so fóònù rọ̀. Bí o bá yọ ọ́ pẹ́nrẹ́n, ìpè já nìyẹn. Etí rẹ lo máa gbé lọ bá a, wàá sì pariwo kí gbogbo ilé gbọ́. Nígbà lẹ́tà, èèyàn lè lẹ àṣírí rẹ̀ pa kó tó fi ránṣẹ́. Fóònù ti gba ìyẹn lọ́wọ́ wa.

Mo wà nínú tákàbá, oṣù mẹ́rin àti ọjọ́ mẹ́wàá tí opó kì í fi í jáde. Oṣù méjì ti lọ, ilé ti sú mi. Ìgbà náà ni Yàhàyá, àbúrò ọkọ mi tí mo ń pè ní Bàbá Amirat, gbé àpótí aṣọ rẹ̀ wá sí yàrá tó kọjú sí tèmi. Kò bi mí ní nǹkan kan. Ta ní í bi opó léèrè kí wọ́n tó ṣú u? Mi ò fẹ́ ẹ rárá, àmọ́ ohun tí wọn kò bi ọ́, báwo lo ṣe fẹ́ kọ̀ ọ́? Kí ìyàwó ilé wo ojú àna rẹ̀, kó ní òun kò fẹ́? Wọ́n á ní mi ò lẹ́kọ̀ọ́.

Ọjọ́ Jímọ̀ ni Qudrah, ọmọ mi tó ń kọ́ṣẹ́ aṣọ rírán n'Ílọrin, máa ń pè. Jímọ̀ yẹn, Yàhàyá ti jókòó sẹ́yìn mi, ó na ẹsẹ̀ gbalaja.

"Màmá mi, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta," ni Qudrah wí. "Ṣé ẹ ti..."

Ìpè já. Ǹ bá yíjú padà. Ọlọ́run ló mọ ohun tó wọ̀ mí, mo tún gbé ẹnu mọ́ fóònù.

"Hẹ́ẹ̀n? Ta ló kó wá sí ulé? Bàbá Amirat ni. Bóyá ó ń ṣọ́ mi kí olè má gbé mi ni. Rárá o, Qudrah! Ṣé ẹni tó ń kírun ló máa wá opó nínú tákàbá? Ó kúkú mọ̀ pé mi ò ní í fẹ́ ọkọ kankan nínú ulé yìí mọ́. Bẹ́ẹ̀ ni. Kankan."

Mo gbọ́ tí àga dún, mo gbọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ lẹ́yìn mi. Ó na ọwọ́ kọjá léjìká mi, ó yọ fóònù lórí ìṣó, ó gbé e sétí ara rẹ̀. Ó tẹ́tí sí i, ó sì rẹ́rìn-ín músẹ́.

"Qudrah," ó wí, ohùn rẹ̀ tutù, "bá mi sọ fún ìyá rẹ pé mo ti gbọ́. Sọ fún un pé mi ò kánjú. Oṣù méjì ṣì kù tí kò ní í jáde."