Fèrèsé Tí Zamfira Gbé Kọjá Odò

"Ẹ yọ aṣọ yẹn kúrò lójú fèrèsé, ìyáàfin. Kí ló dé tí ẹ ta á síbẹ̀?"

Kọ́mírédì Vlasceanu dúró lẹ́nu géètì, ó so táì mọ́rùn, ó há fáìlì mọ́ abíyá. Zamfira yí ojú wo fèrèsé yàrá ìyá rẹ̀, níbi tó ta aṣọ ìnujú funfun kan sí, èyí tí ìyá náà ti fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe ọnà pupa sí létí nígbà tí ojú rẹ̀ ṣì ń ríran. Ife omi kan wà lábẹ́ aṣọ náà.

"Màmá mi ló ni ín," ni Zamfira wí. "Ó kú lóṣù yìí. Kò tíì pé ogójì ọjọ́."

"Mo bá yín kẹ́dùn. Ṣùgbọ́n àwọn ọ̀gá ń bọ̀ wá kọjá níbí. Tí wọ́n bá rí aṣọ funfun lójú fèrèsé, wọ́n á ní ẹ̀ ń wọ́de ni."

"Aṣọ ìnujú? Ta ló ń fi aṣọ ìnujú wọ́de?"

Ojú ọkùnrin náà rọ̀ díẹ̀. Ọmọ abúlé lòun náà, ó mọ ohun tí aṣọ bẹ́ẹ̀ wà fún, ó kàn jẹ́ pé iṣẹ́ ìjọba ló ń ṣe. Ó rẹ ohùn sílẹ̀. "Ẹ jẹ́ kó wà níbẹ̀ títí di Ọjọ́bọ̀ nígbà náà. Ọjọ́bọ̀ ni katapílà ń bọ̀."

"Ọjọ́bọ̀ wo? Ṣebí oṣù tó ń bọ̀ lẹ sọ!"

"Wọ́n ti yí i padà. Wọ́n ní àwọn fẹ́ kí ilẹ̀ ti tẹ́jú kí òtútù tó dé."

Ó kọjá lọ sí ilé kejì. Àwọn ilé tó kù fún un láti yà kò pọ̀ mọ́. Gbogbo òkè Uranus, níbi tí wọ́n bí Zamfira sí láàárín Bucharest, olú-ìlú Romania, ni wọ́n ti ń wó láti ìgbà òtútù, nítorí pé àwọn kan jókòó sídìí tábìlì, wọ́n ní ìlú àwọn ti rí wúruwùru jù. Títì tó gbòòrò ni wọ́n fẹ́ là, kí wọ́n sì kọ́ ààfin ńlá kan sórí òkè. Kò sẹ́ni tó bi àwọn tó ń gbébẹ̀. Ilé gíga tí wọ́n kó àwọn èèyàn lọ kò gba ajá, nítorí náà àwọn ajá ṣẹ́ kù sórí òkúta, wọ́n ń ṣọ́ géètì tí kò ní ilé lẹ́yìn mọ́.

Zamfira ti gba kádàrá lórí ilé náà. Èyí tí kò lè gbà ni ti ìyá rẹ̀. Láti ilẹ̀ ni wọ́n ti mọ̀ níbẹ̀ pé ẹ̀mí ẹni tó kú kì í lọ kánkán. Á máa rìn káàkiri fún ogójì ọjọ́, tó bá sì rẹ̀ ẹ́, á padà sójú fèrèsé ilé rẹ̀, á mu omi, á fi aṣọ nu ojú. Lẹ́yìn ogójì ọjọ́, àlùfáà á gbàdúrà, wọ́n á pín àlìkámà bíbọ̀ tí wọ́n fi ṣúgà sí, olóògbé á sì máa lọ ní àlàáfíà. Tí ìyá rẹ̀ bá wá dé ní alẹ́ Ọjọ́bọ̀, tí kò bá ilé, tí kò bá omi, ibo ló fẹ́ yà sí?

Costache, àbúrò rẹ̀, tó ń wa ọkọ̀ tí wọ́n fi ń kó àlàpà dànù, ló bá a kó ẹrù lọ sílé tuntun lọ́jọ́rú. Nígbà tó padà wá mú un láàárọ̀ Ọjọ́bọ̀, ó bá a tó ń fi òòlù yọ ìṣó lára férémù fèrèsé.

"Ẹ̀gbọ́n, kí lẹ̀ ń ṣe báyìí?"

"Ò ń wò mí. Fèrèsé Màmá ò ní dúró síbí kí wọ́n fi katapílà gùn ún."

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ká aṣọ yẹn sínú àpò. Tí a bá délé tuntun, a ó ta á sí fèrèsé tibẹ̀. Ṣebí fèrèsé náà ni?"

"Ṣé Màmá mọbẹ̀ ni? Obìnrin tó jẹ́ pé tó bá lọ ra nǹkan ní òdìkejì odò, ìwọ lo máa ń lọ wá a wálé! Òun ló máa wá dá mọ àjà kẹfà?"

"Ó ti kú, Ẹ̀gbọ́n. Òkú kì í ṣìnà."

"Ta ló sọ fún ẹ? O ti kú rí?"

Costache fẹ́ rẹ́rìn-ín, ó gbé e mì. Fèrèsé náà wúwo, igi àtijọ́ ni, ó gba ọwọ́ èèyàn méjì. Ó ní kí àwọn gbé e sẹ́yìn ọkọ̀. Zamfira ní rárá. Ẹsẹ̀ ń dun Màmá, kò sì fẹ́ràn mọ́tò láyé rẹ̀. Tí ọkọ̀ bá sáré, kò ní lè bá wọn. Ìrìn ẹsẹ̀ ni wọ́n máa rìn.

"Torí pé ó wúwo ni mo ṣe ń bá yín gbé e o," ni Costache ń kùn. "Kì í ṣe torí ọ̀rọ̀ tí ẹ̀ ń sọ yìí."

Zamfira ti da omi inú ife nù, ó ki ife bọ àpò, ó fi aṣọ ìnujú kọ́ férémù. Ó kọjú sí yàrá tó ti ṣófo. "Ó yá, Màmá," ló wí, ó sì sọ ọ́ sókè. "Ẹ máa bọ̀ lẹ́yìn wa. A ò ní sáré."

Bí wọ́n ṣe ń lọ, ó ń júwe ọ̀nà. "A ti dé ìdí ẹ̀rọ omi, Màmá. Ẹ yà sọ́tùn-ún níbi tí Garabet ti ń ṣe búrẹ́dì."

"Kò sí Garabet níbẹ̀ mọ́," ni Costache sọ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́. Òótọ́ ni. Àlàpà ló wà níbẹ̀, pẹ̀lú ààrò búrẹ́dì tó lanu sílẹ̀ nínú òjò.

"Màmá ò mọ̀ bẹ́ẹ̀. Orí bẹ́ẹ̀dì ló wà nígbà tí wọ́n wó o. Ibi tó mọ̀ ni mo ń sọ fún un." Ó tún gbé ohùn sókè. "Ṣọ́ọ̀ṣì yín rè é, Màmá, lọ́wọ́ òsì." Wọ́n ti gbé ṣọ́ọ̀ṣì náà lódidi sórí irin bíi ti rélùwéè, wọ́n fà á kúrò níbẹ̀, wọ́n lọ fi í pamọ́ sẹ́yìn àwọn ilé gíga. Zamfira ṣàmì àgbélébùú sí àyà rẹ̀ níwájú ihò tó ṣẹ́ kù, ó sì dúró díẹ̀ kí ìyá rẹ̀ lè ṣe tirẹ̀.

Orí afárá odò Dâmbovița ni ọlọ́pàá kan ti dá wọn dúró.

"Ibo lẹ ti rí fèrèsé yẹn?"

"Tiwa ni, ọ̀gá," ni Costache wí.

"Ìyá yìí ńkọ́? Mo ń gbọ́ ohùn rẹ̀ láti òkèèrè. Ta ló ń bá sọ̀rọ̀?"

"Màmá mi ni," ni Zamfira dáhùn.

Ọlọ́pàá náà wo ẹ̀yìn wọn. "Màmá dà?"

Zamfira fẹ́ sọ̀rọ̀, Costache já a gbà lẹ́nu rẹ̀. "Ẹ má dá a lóhùn, ọ̀gá. Orí rẹ̀ ò pé mọ́ láti ọjọ́ mẹ́ta yìí. Kò sí ẹnì kankan lẹ́yìn wa."

Ọlọ́pàá náà wò wọ́n títí, ó pòṣé, ó ní kí wọ́n máa lọ. Wọ́n gbé fèrèsé kọjá afárá. Zamfira kò júwe ọ̀nà mọ́. Omijé ń dà lójú rẹ̀, kò sì ní ọwọ́ tó máa fi nù ún.

"Ẹ̀gbọ́n, mo gbà yín sílẹ̀ ni. Ẹ mọ ibi tí wọ́n ń kó àwọn tó bá ń ṣe báyẹn lọ."

"Ó gbọ́ ẹ," ni Zamfira wí. "Ó wà lẹ́yìn wa, ó sì gbọ́ tí ọmọ rẹ̀ ní kò sí ẹnì kankan. O mọ Màmá. Ó ti padà sílé rẹ̀."

Wọ́n gbé e títí wọ́n fi dé ilé tuntun náà. Lífíìtì ò tíì ṣiṣẹ́, wọ́n gbé fèrèsé gun àtẹ̀gùn dé àjà kẹfà. Yàrá náà ń rùn fún sìmẹ́ńtì. Zamfira gbé férémù ti ara ògiri, ó tún aṣọ ìnujú tò, ó mú ife lọ sídìí ẹ̀rọ. Ẹ̀rọ náà hó, ó sì dákẹ́. Omi kò sí. Ó padà wá gbé ife gbígbẹ sílẹ̀, ó jókòó sórí àpótí, ó wá rí bí òmùgọ̀ lójú ara rẹ̀.

Costache mú korobá, ó sọ̀kalẹ̀.

Ó pẹ́. Zamfira dìde, ó wo ìsàlẹ̀ láti ojú fèrèsé tuntun. Ẹ̀rọ omi wà nínú àgbàlá, àwọn obìnrin tò síbẹ̀, ṣùgbọ́n àbúrò rẹ̀ kò sí láàárín wọn. Lọ́ọ̀ọ́kán ló ti rí i, lórí afárá, tòun ti korobá. Ọlọ́pàá náà ṣì wà níbẹ̀. Costache gba iwájú rẹ̀ kọjá, ó ń lọ sí òdìkejì odò, sínú àlàpà, títí tí Zamfira kò fi rí i mọ́.

Nígbà tó padà yọ, kò sáré bí ó ti máa ń sáré. Ó ń rìn díẹ̀díẹ̀, ó ń dúró, ó ń yí orí sẹ́yìn. Ọlọ́pàá náà fi ojú tẹ̀lé e, ó sì mú ìwé kékeré kan jáde lápò, ó ń kọ nǹkan. Costache kò torí ìyẹn yẹsẹ̀. Ó pọn omi nínú àgbàlá, ó sì wọlé.

Zamfira bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ́ ohùn rẹ̀ láti àjà kejì.

"Àtẹ̀gùn rè é, Màmá. Ẹ di irin mú. Ẹ má bínú sí mi, ẹ̀rù ló bà mí. Ẹ sinmi díẹ̀ tó bá rẹ̀ yín, kò sẹ́ni tó ń lé wa. Ó ku mẹ́rin sí i."

Ilẹ̀kùn kan ṣí ní àjà kẹta, ẹnìkan béèrè ẹni tó ń bá sọ̀rọ̀.

"Màmá mi ni," ni Costache wí. "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ yà fún un kó kọjá."

Zamfira ṣí ilẹ̀kùn sílẹ̀ gbayawu, ó sì lọ mú ife.