Apá tí Akọ̀pẹ Ní Kí Wọ́n Nà

Òjò ṣẹ̀ṣẹ̀ dá ni Ògúnjìnmí akọ̀pẹ já lórí ọ̀pẹ ní ọ̀nà Daagbé, ó sì fi apá ọ̀tún balẹ̀. Ìgbọ̀nwọ́ rẹ̀ yẹ̀, egungun tó wà nísàlẹ̀ rẹ̀ sì sán. Òmìnira Dahomẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ pé ọdún méjì nígbà náà. Lópítáàlì wà ní Àjàṣẹ́, ṣùgbọ́n ọkọ̀ kò sí lọ́jọ́ náà. Fáwùmí ìyàwó rẹ̀, ìyá Rosalie ọmọ wọn, àti Jẹ́láàní, akọ̀pẹ bíi tirẹ̀, gbé e lọ sọ́dọ̀ Ifátóòkí, bàbá tó ń to egungun ní Ifangni.

Ifátóòkí fọwọ́ wá ibi tó yẹ̀, ó fà á, ó sì dá a padà sáyè rẹ̀.

"Ó yá, jẹ́ kí n ká a díẹ̀ kí n tó dì í," ni bàbá wí. "Oríkèé tí kò bá mira, bí a bá ṣe gbé e sí ló máa ń gan sí."

"Ẹ má ká a, bàbá! Ẹ nà án gbọọrọ. Apá tó di igbà mú lórí ọ̀pẹ, ṣé ẹ ti rí i kó ká rí?" ni Ògúnjìnmí wí.

"Èmi kì í gun ọ̀pẹ."

"Èmi ń gùn ún."

Jẹ́láàní náà mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni. Ìbẹ̀rù gbogbo akọ̀pẹ ni pé apá tó bá ká kò ní di igbà, okùn tí wọ́n fi ń gun ọ̀pẹ, mú mọ́. Ni bàbá bá to igi pẹlẹbẹ yí apá náà ká, ó nà án bí ọ̀pá, ó sì dì í. Lẹ́yìn náà ó ṣẹ́ ẹsẹ̀ adìyẹ kan, ó fi ewé kan náà dì í. Ọjọ́ tí adìyẹ bá rìn dáadáa ni wọ́n á tú apá.

Adìyẹ náà kò yára rìn.

"Bọ́n, ó dáa náà, ẹ̀gbọ́n, adìyẹ yín gbọ́n o," ni Jẹ́láàní ń wí. "Ó mọ̀ pé bí òun bá rìn báyìí, ọbẹ̀ ló kàn."

Nígbà tí wọ́n wá tú apá, egungun ti so pọ̀, kò sì wú mọ́. Ògúnjìnmí dán oríkèé rẹ̀ wò lọ́kọ̀ọ̀kan. Èjìká yí síwájú, ó yí sẹ́yìn, bí orí ọmọ odó tó ń yí nínú odó. Ọrùn-ọwọ́ tẹ̀, àwọn ìka ká. Ìgbọ̀nwọ́ nìkan ló kọ̀. Iṣẹ́ ìgbọ̀nwọ́ kò pọ̀ tó ti èjìká. Bí ilẹ̀kùn ni, kó ṣí, kó tì. Ilẹ̀kùn tirẹ̀ ti há ní ṣíṣí. Èjìká lè gbé ọwọ́ kọjá orí, ó lè gbé e jìnnà, ṣùgbọ́n ìgbọ̀nwọ́ ló ń dá ọwọ́ padà sọ́dọ̀ ẹni. Ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ kò dé ẹnu mọ́.

Omi gbígbóná àti òrí ni Ifátóòkí fi ń wọ́ ọ láràárọ̀, títí ó fi gbé ọwọ́ kúrò.

"Bí mo bá fi agbára ká a, yóò ṣẹ́."

"Kì í ṣe ẹnu ni mo fi ń gun ọ̀pẹ," ni Ògúnjìnmí wí.

Ó lọ síbi ọ̀pẹ kúkúrú tó wà lẹ́yìn ilé. Ó fi igbà yí ara rẹ̀ àti igi ká, ó fi ẹsẹ̀ ti igi, ó sì fẹ̀yìn lé igbà. Apá méjèèjì nà gbọọrọ.

"Fáwùmí, wá wò ó! Ó dúró!"

Òótọ́ ni, ó dúró. Ṣùgbọ́n kí igbà tó lè gòkè, akọ̀pẹ gbọ́dọ̀ fa ara rẹ̀ mọ́ igi kí igbà dẹ̀, kó sì jù ú sókè. Ìgbọ̀nwọ́ méjèèjì ló ń ká nígbà náà. Láti ìgbà ọ̀dọ́ rẹ̀ ló ti ń ṣe é, ara rẹ̀ kò sì fi tó o létí rí. Ìdúró nìkan ló rántí, torí pé ibi ìdúró ló ti ń gé ẹyìn. Òsì ká. Ọ̀tún tì í kúrò lára igi. Igbà gòkè ní ẹ̀gbẹ́ kan, ó sì há. Ó tún un ṣe. Ó tún un ṣe títí òógùn fi bò ó lójú.

"Bàbá Rosalie, ẹ sọ̀ kalẹ̀," ni Fáwùmí wí.

"N kò tíì gòkè."

Nígbà tí ẹyìn pọ́n, Jẹ́láàní ni Fáwùmí bẹ̀ pé kó wá kọ àwọn ọ̀pẹ wọn. Ògúnjìnmí dúró nísàlẹ̀, ó gbójú sókè, ó ń wo ìgbọ̀nwọ́ Jẹ́láàní. Ó ń ká, ó ń nà, Jẹ́láàní sì ń kọrin bí ẹni pé kò ṣe nǹkan kan.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ yẹra o! Ìdì ẹyìn ń bọ̀!"

Ògúnjìnmí kò yẹra. Fáwùmí ló sáré dé, tó fi gbogbo agbára fà á, ìdì náà sì balẹ̀ gbìì síbi tó dúró sí.

"Ṣé ẹ kò gbọ́ ni?" ni Fáwùmí bi í.

"Mo gbọ́," ni Ògúnjìnmí wí, ojú rẹ̀ sì wà lára ìgbọ̀nwọ́ Jẹ́láàní síbẹ̀.