Mo Ti Rí I

Tí ẹ bá fẹ́ mọ bí ojúmọ́ ṣe mọ́, ẹ má wulẹ̀ wo ojú ọ̀run. Ojú òpó Ìyá Ọpẹ́ lórí ayélujára ni kí ẹ wò. Alágbàfọ̀ ni obìnrin náà, ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ kò jìnnà sílé. Àwọn tó ń tẹ̀ lé e lórí fóònù ló sọ ọ́ ní Ìyá Ọpẹ́, torí ohun tó kọ sókè ojú òpó rẹ̀ nìyí: "Ọpẹ́ ni tèmi. Ìráhùn ò gbọdọ̀ wọlé mi." Ìráhùn ò kúkú wọlé rẹ̀. Ó ti wà nínú ilé tipẹ́.

"Ẹ káàárọ̀, ẹ̀yin ẹni ire. Ayọ̀ nìkan ni lónìí," ni yóò kọ́kọ́ kọ. Kí omi tíì tó hó, òmíràn á ti tẹ̀ lé e: ẹ̀rọ omi ilé ìdáná ń jò tó, tó, tó, ó fẹ́ ya òun ní wèrè. Lọ́sàn-án, oníbàárà kan da epo sára aṣọ funfun, ó ní kó padà funfun kí ilẹ̀ tó ṣú. Nírọ̀lẹ́, ilẹ̀kùn yàrá ń ké bí ewúrẹ́ tí ebi ń pa. Tó bá ráhùn tán, á wá kọ "ṣùgbọ́n mo dúpẹ́" sí i nídìí, bí ẹni fi ọmọrí dé ọbẹ̀ tó ti kan.

Ohun tí kò fiyè sí ni pé ẹ̀rọ omi náà kò jò mọ́. Ilẹ̀kùn dákẹ́. Àga tó ní ó ń gún òun nídìí ti di àga àjókòósùn. Kódà pákó tí wọ́n ń fi aṣọ kọ́ ní ṣọ́ọ̀bù, èyí tó ní ó fẹ́ já lé òun lórí, wọ́n ti fi ìṣó tuntun kàn án mọ́ ògiri. Ṣé ó dúpẹ́? Ẹni tó ń wá ohun tí yóò fi ráhùn, ibo ló ti fẹ́ ráyè wo ohun tó ti dára? Wọ́n ní yin ni yin ni kí ẹni ó ṣe mìíràn. Ẹnikẹ́ni ò yin ẹni tó ń ṣiṣẹ́ yìí, ó sì ń ṣe mìíràn.

Bàbá ọkọ rẹ̀ ni. Káfíńtà ni bàbá náà kó tó fẹ̀yìn tì, ọ̀dọ̀ wọn ló sì ń gbé láti ìgbà tí ìyàwó rẹ̀ ti kú. Ọmọ rẹ̀ ra fóònù fún un kó má baà máa dá ronú. Kò tẹ̀ lé ẹlòmíràn lórí rẹ̀ àfi ìyàwó ọmọ rẹ̀. "Ayùn Mímú" ló pe ara rẹ̀ níbẹ̀, àwòrán ayùn ló sì gbé síwájú. Lábẹ́ ìráhùn kọ̀ọ̀kan, ohun kan náà ló máa ń kọ: "Mo ti rí i." Ìyá Ọpẹ́ rò pé aláwàdà kan ló ń bá òun ṣeré. Bàbá ní tirẹ̀ rò pé òun gan-an ni ọmọ náà ń kọ̀wé sí. Ìyàwó tó mọ ìwà hù ni, kò lè wo ojú bàbá ọkọ kó rán an níṣẹ́, ló fi ń gba ẹ̀yìn fóònù sọ ọ́. Inú Bàbá máa ń dùn sí i.

Ó wá di àárọ̀ ọjọ́ kan, Ìyá Ọpẹ́ jí tòun ti ojú wíwú. Ikọ́ Bàbá ni kò jẹ́ kó sùn. Eruku pákó tó ti fà símú láti ìgbà èwe ló fa ikọ́ náà. Dókítà ní kò léwu, ṣùgbọ́n kò ní lọ. Ìyá Ọpẹ́ fa fóònù yọ. "Ẹ káàárọ̀, ẹ̀yin ẹni ire. Ẹnìkan ń wúkọ́ mọ́jú nílé wa, mi ò rí oorun sùn mọ́. Ta ló máa gbà mí? Ṣùgbọ́n mo dúpẹ́." Ó bá gba ṣọ́ọ̀bù lọ. Àwọn èèyàn bá a kẹ́dùn rẹpẹtẹ. Ayùn Mímú náà kọ tirẹ̀: "Mo ti rí i."

Nígbà tó fi máa padà délé, yàrá Bàbá ti mọ́ tónítóní. Wọ́n ti tẹ́ bẹ́ẹ̀dì, àpótí irinṣẹ́ ò sí lẹ́bàá ògiri mọ́. Ọkọ rẹ̀ dá jókòó ní pálọ̀.

"Bàbá dà?"

"Wọ́n ti kó lọ sọ́dọ̀ àbúrò wọn obìnrin."

"Ta ló ṣẹ̀ wọ́n?"

"Wọ́n ní ẹnikẹ́ni ò ṣẹ àwọn. Wọ́n ní kí n ṣáà sọ fún ìyàwó àwọn pé àwọn ti rí i, àwọn sì ti tún un ṣe."

Ìyá Ọpẹ́ ti ka ọ̀rọ̀ yẹn rí. Ó ṣí fóònù, ó ń yẹ ẹ̀yìn wò. Ẹ̀rọ omi: mo ti rí i. Ilẹ̀kùn: mo ti rí i. Àga, pákó ṣọ́ọ̀bù, mo ti rí i. Ó dìde, ó ṣí ilẹ̀kùn yàrá, ó tì í, ó tún ṣí i. Kò dún rárá. Ibẹ̀ ló jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ sí, tó ń sunkún. Ẹni tí a ṣe lóore tí kò dúpẹ́, bí ọlọ́ṣà kó ni lẹ́rù lọ ni. Òun tí wọ́n ń pè ní Ìyá Ọpẹ́ káàkiri ni ọlọ́ṣà ọ̀hún.

Ó pe Bàbá. "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú sí mi."

"Ìjà ò sí, ìyàwó mi. O ní o ò rí oorun sùn. Mo yẹ ikọ́ náà wò títí, mi ò rí ibi tí mo lè kan ìṣó sí, ni mo bá gbé e kúrò níbẹ̀."

"Bàbá, orí bíbẹ́ kọ́ loògùn orí fífọ́."

Bàbá rẹ́rìn-ín, ikọ́ sì gba ẹ̀rín náà mọ́ ọn lẹ́nu. "Lọ sùn, ọmọ mi," ló wí, ó sì gbé fóònù sílẹ̀. Ọkọ rẹ̀ náà pe Bàbá, ẹ̀bẹ̀ rẹ̀ ò wọ Bàbá létí.

Oorun tí Bàbá ní kó lọ sùn kò wá. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, Ìyá Ọpẹ́ tún mú fóònù. Kò kí ẹni ire kankan. Ohun tó kọ ni pé: "Ilé wa bàjẹ́. Ó dákẹ́ jù, mi ò rí oorun sùn. Alágbàfọ̀ ni mí, mi ò mọ̀ ọ́n tún ṣe. Káfíńtà kan ṣoṣo ló mọ̀ ọ́n." Kò fi "ṣùgbọ́n mo dúpẹ́" sí i nídìí. Kò ṣí ṣọ́ọ̀bù. Ó jókòó sẹ́nu ọ̀nà, ó ń wo fóònù. Àwọn èèyàn ń bi í pé kí ló bàjẹ́, ó ń fò wọ́n kọjá, ó ń wá àwòrán ayùn. Nígbà tó pẹ́ gan-an, àwòrán ayùn yọjú.

"Mo ti rí i."

Ikọ́ ló kọ́kọ́ dé, láti ìkángun àdúgbò. Lẹ́yìn náà ni Bàbá yọ tòun ti àpótí irinṣẹ́ rẹ̀. Ìyá Ọpẹ́ sáré lọ gba àpótí náà, ó kúnlẹ̀ sójú títì.

"Bàbá, ẹ ṣé tẹ̀rọ omi. Ẹ ṣé tilẹ̀kùn. Ẹ ṣé tàga. Pákó ṣọ́ọ̀bù, Bàbá, ẹ ṣé gan-an ni."

"Ó tó, dìde. O ò bá kọ ọ́ sórí fóònù, mo máa rí i."

"Rárá, Bàbá. Ẹ̀yin ni mo ń kí."

Bàbá gbójú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ń wo òkè ilé. "Kí ló tún kù tó bàjẹ́?"

Ìyá Ọpẹ́ wo iwájú, ó wo ẹ̀yìn. Ẹnu rẹ̀ tó já fáfá kò rí nǹkan kan mú. "Kò sí, Bàbá."

Lóru ọjọ́ náà, ikọ́ bẹ̀rẹ̀ ní yàrá kejì. Ìyá Ọpẹ́ gbọ́ ìkíní, ó ní, "Olúwa, o ṣeun." Kò gbọ́ ìkejì, ó ti sùn lọ.