Ta Ni Yóò Gbe Àlọ́ Kànga?

Iṣẹ́ Moṣọpẹ́ ni kó máa fi kámẹ́rà ká ohun tó fẹ́ pa rẹ́ sílẹ̀: igi tí wọ́n fẹ́ gé, èbúté tí iyanrìn ti dí, orin tó ku ẹnu kan ṣoṣo tó mọ̀ ọ́n. Iṣẹ́ ńlá ni, àmọ́ kò ní ẹnìkejì. Yàrá kan ló háyà ní Okokomaiko. Bó bá sín níbẹ̀, kò sẹ́ni tí yóò sọ fún un pé pẹ̀lẹ́.

Kànga àtijọ́ kan wà ní Ìbá tí àwọn tó ra ilẹ̀ fẹ́ dí. Màmá Mùsítúrà nìkan ló kù tó mọ àlọ́ kànga náà, tòun torin. Bí Moṣọpẹ́ kò bá gbà á lẹ́nu wọn, ó parí nìyẹn.

Àlọ́ kì í ṣe ọ̀rọ̀ ọ̀sán, nítorí náà ìrọ̀lẹ́ ló lọ. Ó ní kí gbogbo ará ilé jáde, ó bẹ aládùúgbò kó pa jẹnẹrétọ̀, ó ta aṣọ sójú fèrèsé. Ohùn Màmá nìkan ló fẹ́ gbọ́ nínú fíìmù rẹ̀. À bá ti kìlọ̀ fún un, ṣùgbọ́n ta ló bi wá?

Màmá lé tìróò, wọ́n jókòó, wọ́n wúkọ́.

“Ààlọ́ o!”

Moṣọpẹ́ mi orí, ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó pa ètè dé.

“Ààlọ́ o!”

Kò sẹ́ni tó dáhùn. Màmá wo ìlẹ̀kùn, wọ́n wo kámẹ́rà, bí ẹni tó kí èèyàn tí onítọ̀hún kò jẹ́ ẹ.

“Ta ni mo ń pa á fún?”

Moṣọpẹ́ ṣàlàyé pé ohùn tòun yóò ba iṣẹ́ jẹ́, pé kí wọ́n ṣáà máa bá a lọ, òun ń gbọ́. Màmá ní ọwọ́ kan ò gbẹ́rù dórí, orí mímì ò sì gbe orin. Wọ́n ní ó pẹ́ tí àwọn ti ń bá ògiri sọ̀rọ̀, àwọn kò ní í tún jókòó pàlọ́ fún irin. Wọn kò bínú. Ó rẹ̀ wọ́n ni.

“Máa lọ, ọmọ mi. Bó o bá rí ẹni tí yóò gbè é, ẹ jọ wá.”

Inú bí Moṣọpẹ́. Nínú ọkọ̀, ó wo orúkọ inú fóònù rẹ̀ láti òkè dé ìsàlẹ̀: oníbàárà, onílé, ẹni tó ń yá a ní iná kámẹ́rà. Kò rí ẹni tó lè pè pé wá bá mi gbe orin. Ó tijú, ó sì dùn ún wọra. Ọ̀sẹ̀ yẹn ti lọ kó tó yé e pé ẹnu tirẹ̀ gan-an tó.

Jímọ̀ ni wọ́n sin Màmá. Sátidé ni Moṣọpẹ́ dé. Yẹ̀pẹ̀ pupa ti dí kànga. Aládùúgbò oníjẹnẹrétọ̀ yẹn ló sọ fún un pé Màmá béèrè rẹ̀, wọ́n ní ṣé ọmọ oníkámẹ́rà ò tíì rí ẹni gbè é ni.

Ó padà sí Okokomaiko, ó ti ìlẹ̀kùn, ó tan fíìmù ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn nínú kámẹ́rà. Màmá jókòó, tìróò lójú, wọ́n wúkọ́.

“Ààlọ́ o!”

“Ààlọ̀!” Ó fi gbogbo ohùn rẹ̀ dáhùn, omijé sì ń bọ́.

Màmá kò gbọ́. Wọ́n tún un pè, ó tún un jẹ́. Wọ́n wo ìlẹ̀kùn, wọ́n wá wò ó lójú kòrókòró.

“Ta ni mo ń pa á fún?”

“Èmi ni, Màmá,” ni Moṣọpẹ́ wí. “Èmi nìkan ni.”