Orúkọ Wa Nínú Kásẹ́ẹ̀tì Sírájúdéènì

Ẹ má wulẹ̀ sọ fún mi pé akọni ni Sírájúdéènì. Mo mọ̀. Èmi ni mo ń gbé oúnjẹ lọ fún un nígbà tí wọ́n tì í mọ́lé nítorí orin tó fi bú ìjọba lórí SAP, ètò ọrọ̀-ajé tó sọ gbogbo nǹkan di ọ̀wọ́n. Láti ìgbà tó ti ń kọ wéré láti jí wa fún sààrì ni kì í ti í rí ìyà kó dákẹ́. Wọ́n nà án, ó jáde, ó tún kọ òmíràn.

Nígbà tí ẹ̀rọ ilé-iṣẹ́ wa ní Ṣàngó gé Oyèbọ́lá ọ̀rẹ́ mi lọ́wọ́, tí wọ́n sì lé e lọ sílé lọ́wọ́ òfo, àwa kan ń pàdé ní bòókẹ́lẹ́ ní Àtàn láti múra ìdaṣẹ́sílẹ̀. Sírájúdéènì ní òun á fi orin gbè wá lẹ́yìn. Inú wa dùn.

Orin náà dùn, n ò ní parọ́. Àmọ́ olórin wa ni, kò mọ bí wọ́n ṣe ń kọrin fún èèyàn láìdárúkọ rẹ̀. Ní ojú kejì kásẹ́ẹ̀tì náà, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kì wá: Afọlábí, Àdìzát, èmi náà, "Adérógbà Àkànní ọmọ Ìkirè, ẹni tí máníjà ń sá fún." Gbogbo ìsọ̀ ní oríta Ṣàngó ló ń gbé e sí rédíò. Ìyàwó mi jó títí ó fi làágùn. Kò sí ẹni tó ronú nínú wa pé àwọn ọ̀gá náà lè gbọ́ ọ.

Lọ́jọ́ Ajé, Ṣótúndé, ọ̀gá tó ń gbani síṣẹ́ ní ilé-iṣẹ́ wa, gbé rédíò tí kásẹ́ẹ̀tì náà wà nínú rẹ̀ sórí tábìlì lẹ́nu géètì. Ó ń tẹ̀ ẹ́, ó ń dá a dúró. Ẹni tí orin bá ti dárúkọ, kò wọlé mọ́. Ìdaṣẹ́sílẹ̀ kú kó tó bẹ̀rẹ̀.

Sírájúdéènì wá sílé mi, ó kúnlẹ̀, ó ń sunkún.

"Àkànní, mo fẹ́ yìn yín ni."

"Ta ló ní kó o yìn wá?"

Mo tì í síta. Inú ṣì ń bí mi dòní.

Mo wáṣẹ́ dé Ìgbẹsà. Ẹ̀ṣọ́ tó wà lẹ́nu géètì ilé-iṣẹ́ tuntun kan bi mí lórúkọ, mo sì sọ ọ́. Ojú rẹ̀ tàn.

"Àkànní ọmọ Ìkirè? Ẹ̀yin náà rèé! Bọ̀dá, ẹ gbìyànjú!"

Ó bọ̀ mí lọ́wọ́, ó kọ orin náà sí mi létí láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kò fo ọ̀rọ̀ kankan. Lẹ́yìn náà ló rọra ti géètì. Ó ní kí n má bínú, ọ̀gá àwọn náà ti gbọ́ ọ.