Ikọ́ Inú Káséètì

"Ṣé eyín ló ń dùn ún ni?"

Ìyá àgbà na ìka sí ojú kọ̀ǹpútà. Obìnrin kan tó ń ka ìròyìn ló wà níbẹ̀, tó ń la ẹnu, tó ń pa á dé, láìsọ nǹkan kan. Ọmọ ọmọ Ìyá àgbà ló gé fídíò náà bẹ́ẹ̀, tó sì so ó mọ́ agbábọ́ọ̀lù kan tó ń ṣubú tí kò kan ilẹ̀.

"Iṣẹ́ ọnà ni, Màmá àgbà. Lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀ la máa pàtẹ ẹ̀ fáwọn èèyàn."

"Ọnà rèé! Èmi tí mo fi ogójì ọdún ránṣọ, ká ní mo gé aṣọ oníbàárà báyìí ni, wọn ì bá ti gé etí tèmi náà."

Ó rẹ́rìn-ín títí ìdí rẹ̀ fi mi àga. Ẹ̀rín náà lọ kọlu ògiri, ó padà wá bá a. Ilé náà ti tóbi jù láti ìgbà tí ọkọ rẹ̀ ti kú.

Ọkọ yìí ló ni àwọn káséètì fídíò tí ọmọ náà ń gé, páálí mẹ́ta gbáko. Oníṣẹ́ iná ni, ó mọ wáyà gbogbo ilé àdúgbò, ṣùgbọ́n kò gbà láé pé wáyà lè fa àwòrán jáde nínú tẹlifíṣọ̀n. Kámẹ́rà ló máa ń gbé ka orí àpótí, tí yóò kọjú ẹ̀ sí tẹlifíṣọ̀n bí ẹni ń ya ìyàwó tuntun ní fọ́tò. Gbogbo ohùn inú yàrá ló bá a wọnú káséètì.

Ẹnìkan wúkọ́ nínú fídíò náà.

"Ariwo yẹn ni mo fẹ́ yọ báyìí, Màmá."

"Ariwo wo? Bàbá ẹ àgbà nìyẹn!"

Ohùn náà tún dé. "Ẹlẹ́rìn-ín! Wá wò ó, kíá!"

Láti ilé ìdáná lọ́hùn-ún, nínú fídíò náà, obìnrin kan dáhùn: "Mò ń bọ̀ o!"

Wọ́n dúró. Kò sẹ́ni tó wọlé.

"Bó ṣe rí nínú gbogbo wọn nìyẹn," ọmọ náà rọra wí. "Wọ́n á pè yín, ẹ̀yin náà á ní ẹ̀ ń bọ̀."

"Bí mo bá wá, ta ni yóò ro ọbẹ̀? Ẹnu tó ń pè mí yẹn náà ló máa jẹ ẹ́." Àwàdà ló fẹ́ fi ṣe, ṣùgbọ́n ẹ̀rín kò jáde.

"Ṣé kí n yọ ọ́?"

"Dán an wò, kí n fi àlùmọ́gàjí gé ìwọ náà! Jẹ́ kí wọ́n gbọ́ ọ. Jẹ́ kí wọ́n gbọ́ tèmi náà, èmi ẹlẹ́sẹ̀ wíwúwo." Ó fa àga sún mọ́ kọ̀ǹpútà. "Ó yá, dá a padà sẹ́yìn. Èyí tí o kò tíì gé."

Ikọ́. Ìpè. Obìnrin ilé ìdáná ní òun ń bọ̀. Agbábọ́ọ̀lù náà ṣubú, lọ́tẹ̀ yìí, ó kan ilẹ̀.

"Mo rí i," ni Ìyá àgbà dá ohùn ọkọ rẹ̀ lóhùn.